Ẹ̀fẹ̀ Lẹ́nu Àtìpó: Ìtàn Ìwé Ìròyìn Lapatossu

Ní 1911, ilé-iṣẹ́ ìwé ìròyìn Työmies ní ìlú Hancock, ìpínlẹ̀ Michigan, bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ Lapatossu jáde, ìwé ìròyìn ẹ̀fẹ̀ ní èdè Finnish. Orúkọ bàtà ni wọ́n sọ ọ́, ó sì bá àwọn òǹkàwé rẹ̀ mu: àwọn awakùsà bàbà àti agégẹdú tó ti Finland wá ṣe àtìpó ní Amẹ́ríkà.

Ẹ̀fẹ̀ ni, ṣùgbọ́n kì í ṣe ọ̀rọ̀ eré. Ní oṣù Keje 1913, àwọn awakùsà da iṣẹ́ sílẹ̀. Ní ọjọ́ 24 oṣù Kejìlá, ẹnìkan pariwo iná níbi àpèjẹ Kérésì wọn ní Calumet. Iná kò sì sí. Ènìyàn 73 ló kú, ọmọdé ló pọ̀ jù nínú wọn. Ní 1914, Työmies kó lọ sí Superior ní Wisconsin, Lapatossu sì bá a lọ.

Òfin oṣù Kẹwàá 1917 ló yẹ kí àwa onímọ̀ èdè tẹjú mọ́ jù. Ìwé ìròyìn tí kì í ṣe ti èdè Gẹ̀ẹ́sì gbọ́dọ̀ fi ìtumọ̀ ohun tó bá kọ nípa ìjọba tàbí ogun ránṣẹ́ sí ọ̀gá ilé ìfìwéránṣẹ́, àfi tó bá ti gba ìwé àṣẹ. Ta ni yóò wá túmọ̀ ẹ̀fẹ̀? Ẹni tó túmọ̀ àpárá ní ọ̀rọ̀ fún ọ̀rọ̀ ti pa á. Ẹni tó sì ṣàlàyé ẹ̀gún inú rẹ̀ ti di ẹlẹ́rìí tako ara rẹ̀.

Ní 1921, Punikki rọ́pò rẹ̀. Èébú ni ọ̀rọ̀ yìí: òun ni àwọn Funfun fi ń pe àwọn Pupa tí wọ́n ṣẹ́gun nínú ogun abẹ́lé Finland ní 1918. Àwọn tí à ń fi bú gan-an ló mú un kọ sí iwájú ìwé ara wọn, títí di 1936.