Láti Oko Olówó dé Ilé-ẹjọ́: Bí Òfin Ìdádúró Lẹ́nu Iṣẹ́ Ṣe Dàgbà

Kí ìwé àdéhùn tó dé Màsífà, Èjìgbò àti àwọn ìlú tó yí wọn ká, ìwọ̀fà ni iṣẹ́ àdéhùn ilẹ̀ Yorùbá. Ẹni tó yá owó a máa ṣiṣẹ́ lóko olówó gẹ́gẹ́ bí èlé. Iṣẹ́ náà kì í dín gbèsè kù. Ọjọ́ tí wọ́n bá san owó pé ni àdéhùn tán.

Òfin tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì gbé wá yàtọ̀. Ọ̀gá tó gbani síṣẹ́ lè dáni dúró láìsọ ìdí, bó bá ti fúnni ní nótíìsì tàbí owó tó dípò rẹ̀. Òfin iṣẹ́ ọdún 1945 kò yí èyí padà.

Àmọ́ ọ̀pọ̀ ọmọ Èjìgbò ti tẹ̀dó sí Côte d'Ivoire, níbi tí òfin Faransé ti gba ọ̀nà mìíràn. Ní oṣù Kẹrin 1946, òfin tí orúkọ aṣòfin Houphouët-Boigny wà lára rẹ̀ fòpin sí iṣẹ́ àfipáṣe. Ní ọjọ́ 15 oṣù Kejìlá 1952, òfin iṣẹ́ tuntun ní kí ẹni tó bá lé òṣìṣẹ́ láìnídìí san owó gbà-má-bínú. Bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀gbọ́n tó wà ní Àbíjàn àti àbúrò tó wà nílé fi bọ́ sábẹ́ òfin méjì, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òwò ni ọ̀pọ̀ wọn bá lọ, kì í ṣe iṣẹ́ oṣù.

Nílé ní Nàìjíríà, òfin iṣẹ́ ọdún 1974 ṣírò nótíìsì fún òṣìṣẹ́: ọjọ́ kan fún ẹni tí kò ju oṣù mẹ́ta lọ, ọ̀sẹ̀ kan fún ẹni tí kò tíì pé ọdún méjì, ọ̀sẹ̀ méjì fún ẹni tí kò tíì pé márùn-ún, oṣù kan fún ẹni tó pé bẹ́ẹ̀ tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹni tó bá rojọ́ tó sì jàre, owó nótíìsì yìí náà ni kóòtù sábà máa ń kà lé e lọ́wọ́.

Ní 1975, ìjọba Murtala Mohammed lé òṣìṣẹ́ ìjọba tó ju 10,000 lọ. Nínú ẹjọ́ Shitta-Bey ní 1981, ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ sọ pé ẹni tí òfin dáàbò bo ipò rẹ̀ kì í ṣe ọmọ ọ̀dọ̀ tí ọ̀gá lè lé bó ṣe wù ú. Àwọn ológun ti ilẹ̀kùn kóòtù padà pẹ̀lú àṣẹ kẹtàdínlógún ọdún 1984, síbẹ̀ ní 1985 ẹjọ́ Olaniyan dá àwọn olùkọ́ Yunifásítì Èkó padà sẹ́nu iṣẹ́. Òṣìṣẹ́ kọ́ńtírààtì kò sí lábẹ́ ààbò yìí. Nígbà tí ìjọba ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun gba ọ̀dọ́ 20,000 sínú ètò iṣẹ́ ọ̀dọ́ O'YES fún ọdún méjì, ọjọ́ ìparí ti wà nínú àdéhùn náà. Lójú òfin, àdéhùn tó pé ọjọ́ kì í ṣe lílé.

Ní oṣù Kẹta 2011, àtúnṣe òfin orílẹ̀-èdè fi ẹjọ́ òṣìṣẹ́ sọ́wọ́ National Industrial Court nìkan, ó sì gbà á láyè láti wo ìlànà àgbáyé. Nàìjíríà kò tíì fọwọ́ sí àdéhùn àgbáyé lórí iṣẹ́, nọ́ńbà 158 ti ọdún 1982, tó ní ìdí gúnmọ́ gbọ́dọ̀ wà kí wọ́n tó lé òṣìṣẹ́. Síbẹ̀ àwọn adájọ́ kan bẹ̀rẹ̀ sí í béèrè ìdí. Ní ọjọ́ 30 oṣù Kẹfà 2017, ẹjọ́ Skye Bank àti Iwu ṣí ọ̀nà láti gbé ìdájọ́ wọn lọ sí kóòtù kòtẹ́milọ́rùn, ibẹ̀ sì ni awuyewuye lórí ìdí náà ń gbà lọ báyìí.