Itẹ́ Òkú Abbeystrewry, Skibbereen

Abbeystrewry jẹ́ itẹ́ òkú àtijọ́ kan ní etí odò Ilen, ní ìwọ̀-oòrùn ìlú Skibbereen, ní ẹkùn Cork tó wà ní gúúsù Írẹ́lándì. Àwókù ilé ìsìn wà nínú rẹ̀, òkúta ibojì sì yí i ká. Ohun tó mú kí ayé mọ ibẹ̀ ni pápá koríko kan tí kò sí òkúta orúkọ lórí rẹ̀. Nínú ilẹ̀ yẹn ni wọ́n da ẹgbẹẹgbẹ̀rún òkú sí nígbà Ìyàn Ńlá, tó bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1845.

Ṣáájú ìyàn

Àwọn mọ́ńkì Kátólíìkì ló kọ́kọ́ ní ilé ìsìn níbẹ̀. Nígbà tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì gba irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ fún Ìjọ Áńgílíkà ti Írẹ́lándì, àwọn Kátólíìkì kò yé sin òkú wọn síbi tí baba wọn wà. Òfin ọdún 1824 ló fún àlùfáà Kátólíìkì láyè láti gbàdúrà létí ibojì nínú ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì Áńgílíkà. Tálákà kì í sábà lówó tí yóò fi san iṣẹ́ agbẹ́kùúta. Òkúta oko lásán ni ọ̀pọ̀ ìdílé ń rì mọ́lẹ̀ lórí ibojì, àwọn ará ilé nìkan ló sì mọ ẹni tó wà lábẹ́ rẹ̀.

Ìyàn Ńlá

Pòtétò ni mẹ̀kúnnù agbègbè Skibbereen ń jẹ láàárọ̀, lọ́sàn-án àti lálẹ́. Ọkà tí wọ́n bá gbìn, owó ilẹ̀ ni wọ́n ń fi san fún onílẹ̀. Àrùn tó ń jẹ pòtétò rà dé ní 1845. Nígbà tó di 1846, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má ku nǹkan kan lóko. Oúnjẹ kò tán nílẹ̀ náà pátápátá, nítorí wọ́n ṣì ń kó ọkà àti ẹran ọ̀sìn lọ tà ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Owó tí tálákà yóò fi rà á ni kò sí.

Ní oṣù Kejìlá ọdún 1846, adájọ́ kan láti ìlú Cork, Nicholas Cummins, lọ sí South Reen nítòsí Skibbereen. Ohun tó rí nínú àwọn ahéré ibẹ̀ le débi pé ó kọ lẹ́tà sí Duke of Wellington, ìwé ìròyìn The Times sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní ọjọ́ 24 oṣù náà. Ní oṣù Kejì 1847, ìwé ìròyìn Illustrated London News rán ayàwòrán James Mahony, tí òun náà jẹ́ ọmọ Cork, lọ sí agbègbè náà. Ní Clonakilty, lójú ọ̀nà, ó bá obìnrin kan tó gbé òkú ọmọ rẹ̀ dání, tó ń tọrọ owó tí yóò fi ra pósí. Mahony yà á bẹ́ẹ̀, àwòrán náà sì wà títí dòní.

Ní Skibbereen fúnra rẹ̀, pósí ti wọ́n kọjá ohun tí tálákà lè rà. Wọ́n wá kan èyí tí ìdí rẹ̀ ń ṣí. Wọ́n á gbé òkú sínú rẹ̀ dé etí kòtò, wọ́n á ṣí i nísàlẹ̀, òkú á bọ́ sórí àwọn tó ti wà níbẹ̀, wọ́n á sì gbé pósí náà padà lọ gbé ẹlòmíràn wá. Àwọn ará ìlú ń sọ ìtàn Tom Guerin, ọmọdé tí wọ́n jù sínú kòtò yìí bí òkú. Ọkọ́ àwọn agbẹ́lẹ̀ ló bà á lẹ́sẹ̀, ó kérora, wọ́n sì yọ ọ́. Ó yarọ, ṣùgbọ́n ó dàgbà. Ọdún 1910 ló kú.

Ilé àwọn aláìní tí ìjọba ṣí ní 1842 wà fún ènìyàn 800. Nígbà ìyàn, àwọn tó wọ inú rẹ̀ ju ìlọ́po méjì iye yẹn lọ, ibà sì ń gbé wọn lọ. Dókítà Daniel Donovan, tó ń tọ́jú wọn, ń kọ ohun tó ń rí sílẹ̀ fún ìwé ìròyìn kan ní Cork. Lójú ẹni tó ń kọ àyọkà yìí, kò sí ẹ̀rí kankan nípa ìlú náà tó níye lórí ju ti dókítà yìí lọ, torí pé ó mọ àwọn aláìsàn rẹ̀ ní orúkọ àti ilé.

Iye òkú

Iye tí wọ́n sábà ń dá ni 8,000 sí 10,000. Ó yẹ kí a fi ìṣọ́ra gbà á. Ìwé ilé àwọn aláìní lè sọ iye àwọn tó kú sínú ilé náà, ṣùgbọ́n àwọn tó kú sí ahéré tàbí sí ẹ̀bá ọ̀nà kò sí nínú ìwé bẹ́ẹ̀, kì í sì í ṣe gbogbo wọn ni wọ́n gbé wá sí Abbeystrewry. Ìfojúdíwọ̀n ni iye náà. Ó lè dín, ó sì lè lé. Pé òkú ibẹ̀ pọ̀ lọ́pọ̀lọpọ̀, kò sí ẹni tó ń jiyàn ìyẹn. Ní gbogbo Írẹ́lándì, ìkànìyàn 1841 rí ènìyàn 8,175,124. Ti 1851 rí 6,552,385.

Òkúta àti ìwé

Ìjọba kò bẹ̀rẹ̀ sí í forúkọ gbogbo ẹni tó kú sílẹ̀ títí di 1864. Àwọn ìjọ Kátólíìkì ń kọ ìrìbọmi àti ìgbéyàwó, ṣùgbọ́n ìsìnkú kò wọ́pọ̀ nínú ìwé wọn. Ní oṣù Kẹfà 1922, nígbà ogun abẹ́lé, iná jó ilé àkọsílẹ̀ ìjọba ní Four Courts, Dublin, ó sì run ìkànìyàn 1821 sí 1851, àyàfi àwọn ìwé díẹ̀. Èyí ló sọ òkúta ibojì di ẹ̀rí tí kò ṣe é fi ṣeré nílẹ̀ náà: ó ń sọ orúkọ, ọdún, àti lọ́pọ̀ ìgbà abúlé tí olóògbé ti wá. Ní 1888 ni ẹgbẹ́ kan bẹ̀rẹ̀ sí í da ọ̀rọ̀ orí òkúta kọ jákèjádò Írẹ́lándì kí òjò tó wẹ̀ ẹ́ nù.

Yàtọ̀ sí òkúta àti ìwé, ìbínú ìyàn náà kò kú lọ́kàn àwọn ènìyàn. Jeremiah O'Donovan Rossa, tí wọ́n lé ìdílé rẹ̀ kúrò nílé, dá ẹgbẹ́ Phoenix sílẹ̀ ní Skibbereen ní 1856 láti bá ìjọba Gẹ̀ẹ́sì jà. Ní 2009, Skibbereen ni wọ́n ti ṣe ìrántí ìyàn ti orílẹ̀-èdè.

Ilé ìtàn ìlú, Skibbereen Heritage Centre, ti kó àkọsílẹ̀ ọ̀pọ̀ itẹ́ òkú ìwọ̀-oòrùn Cork sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ẹni tó bá ń wá ìdílé rẹ̀ níbẹ̀, kó kọ́kọ́ wádìí orúkọ abúlé baba ńlá rẹ̀, nítorí orúkọ ènìyàn nìkan kò tó: àwọn tó ń jẹ́ orúkọ kan náà pọ̀ jù ní agbègbè yẹn.