ÌBÍNÚ ỌKỌ NÍWÁJÚ ADÁJỌ́: ÌTÀN KAN LÁTI ÍŃDÍÀ

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun, Ọba tó dá ìbínú mọ́ ènìyàn, tó sì fún un ní làákàyè tí yóò fi kó o níjàánu. Kí ìkẹ́ àti ọlà Rẹ̀ máa bá Ànábì Muhammad.

Ẹ̀yin ará mi nínú ẹ̀sìn, lẹ́yìn wáàsí kan, ọ̀dọ́mọkùnrin kan bi mí pé: “Alùfáà, bí mo bá ká ọkùnrin mọ́ ìyàwó mi, tí mo sì pa á, ṣé ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ wà lọ́rùn mi?” Ìbéèrè àtijọ́ ni. Uwaymir, ọ̀kan nínú àwọn sàábé, ti béèrè irú rẹ̀ lọ́wọ́ Òjíṣẹ́ Ọlọ́hun. Èsì tó rí gbà kì í ṣe idà. Ìbúra tọkọtaya tó wà nínú Súrà Nuuru ni, lẹ́yìn náà kí wọ́n pínyà.

Íńdíà ni mo ti mú ìtàn fún un. Ìdí ni pé òfin ìwà ọ̀daràn tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Àríwá Nàìjíríà ní 1960, Ìlọrin náà nínú rẹ̀, ọ̀dọ̀ Sudan ni wọ́n ti wò ó, Sudan sì wo ti Íńdíà.

Òfin Íńdíà ti 1860 ní bí ìmúnibínú tó le, tó sì dé lójijì, bá gba ìjánu lọ́wọ́ ènìyàn tó fi pànìyàn, ẹ̀wọ̀n ni ìyà rẹ̀, kì í ṣe ikú. Kó le nìkan kò tó. Ó gbọ́dọ̀ jẹ́ lójijì.

Ní ọjọ́ 27 oṣù kẹrin 1959, ní Bombay, Sylvia jẹ́wọ́ fún ọkọ rẹ̀, Kawas Nanavati, ọ̀gá nínú ọmọ ogun ojú omi, pé òun ń yan Prem Ahuja lálè. Ọkọ kò pariwo. Ó fi mọ́tò gbé ìyàwó àti àwọn ọmọ lọ sí sinimá, ó ní òun á padà wá gbé wọn. Ó lọ sínú ọkọ̀ ojú omi rẹ̀, ó parọ́ pé òun fẹ́ rin ìrìn òru, ó gba ìbọn ìléwọ́ àti ọta mẹ́fà. Ó wá Ahuja lọ sí ọ́fíìsì, kò bá a níbẹ̀; ó bá a nílé. Ìbọn dún lẹ́ẹ̀mẹta. Ó sì fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ lọ bá ọlọ́pàá.

Ní kóòtù, ó ní àwọn jọ ń jà sí ìbọn náà ni ó fi yìn. Bí kò bá sì rí bẹ́ẹ̀, a jẹ́ pé ìmúnibínú ni. Nínú àwọn ará ìlú mẹ́sàn-án tó jókòó bí jùrì, mẹ́jọ ní kò jẹ̀bi. Ìwé ìròyìn Blitz ń gbè é lẹ́yìn, inú ọ̀pọ̀ èèyàn dùn. Inú adájọ́ kò dùn ní tirẹ̀. Ó gbé ẹjọ́ náà lọ sí ilé-ẹjọ́ gíga, wọ́n sì dá ẹ̀wọ̀n gbére fún un.

Ilé-ẹjọ́ tó ga jùlọ fọwọ́ sí i ní ọjọ́ 24 oṣù kọkànlá 1961. Wọ́n gbà pé ọ̀rọ̀ ẹnu lásán lè múni bínú, àti pé irú ènìyàn tó wà ní ipò ẹni náà láwùjọ ni kí a fi wọ̀n ọ́n. Àkókò ló dè é. Láti aago kan ààbọ̀ tó kúrò nílé títí di aago mẹ́rin kọjá ogún ìṣẹ́jú, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ pé wákàtí mẹ́ta. Ẹni tó rántí gbé ọmọ lọ sí sinimá, tó ronú irọ́ tí yóò fi gba ìbọn, ara rẹ̀ ti balẹ̀. Mo gbà pẹ̀lú wọn. Gómìnà dárí jì í ní 1964. Ọ̀rọ̀ ìjọba nìyẹn, n kò dá sí i.

Nígbà tí mo sọ ibí yìí, ìyá kan láàrin àwọn Alásàlátù ní: “Alùfáà, àwa tí ìbínú tiwa kì í dé lójijì ńkọ́? Èyí tí wọ́n ń lù lójoojúmọ́?”

Kí n má parọ́, ọ̀rọ̀ náà gún mi. Obìnrin tí ọkọ ń lù kì í sábà lágbára láti dá a padà lójú ẹsẹ̀. Ṣe ni ó ń gbé e mì, ọdún ń gorí ọdún. Òfin tó ń fi aago wọn ìbínú, ìbínú ọkùnrin ló mọ̀ ọ́n wọ̀n. Ní 1989, ilé-ẹjọ́ gíga Madras gbìyànjú àtúnṣe. Obìnrin kan tí ìyà ọkọ sú ni ó kó àwọn ọmọ rẹ̀ sínú kànga, tí òun náà sì bẹ́ sí i; òun yè, àwọn ọmọ kú. Ilé-ẹjọ́ ní ìmúnibínú tó ń kóra jọ díẹ̀díẹ̀ náà lè dín ẹ̀ṣẹ̀ kù, bí òfin kò tilẹ̀ dárúkọ rẹ̀. Mo káàánú obìnrin náà. Síbẹ̀, ọkọ ló bí i nínú, àwọn ọmọ ló kú. N kò tíì rí bí mo ṣe máa so méjèèjì pọ̀.

Ohun tí mo lè fi dá ìyá náà lóhùn ni pé Íńdíà pààrọ̀ ìwé òfin 1860 náà pátápátá, tuntun sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní oṣù keje 2024. Wọ́n yí orúkọ rẹ̀ padà, wọ́n yí nọ́ńbà àwọn ẹsẹ rẹ̀ padà. “Lójijì” ṣì wà níbẹ̀.