Bing Liu: Láti Orí Skateboard Dé Ìdí Ìtàn Gidi

Ìtàn ọmọ àjòjì kan ní Amẹ́ríkà ni mo gbé wá lọ́tẹ̀ yìí, ṣùgbọ́n ó kàn wá.

Ilẹ̀ Ṣáínà ni wọ́n bí Bing Liu sí. Ọmọ ọdún márùn-ún ni nígbà tó dé Amẹ́ríkà. Rockford, ní ìpínlẹ̀ Illinois, ló ti dàgbà, ìlú tí ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ ti kógbá sílé. Ìyá rẹ̀ fẹ́ ọkọ mìíràn. Ọkùnrin yìí a máa lu ìyá, a sì máa lu ọmọ. Kí lọmọ ó ṣe? Ìgboro ló sá lọ, sọ́dọ̀ àwọn ọmọ tó ń fi skateboard ṣeré, pákó pẹlẹbẹ tó ní táyà kéékèèké mẹ́rin lábẹ́. Liu gbé kámẹ́rà, òun náà gun pákó, ó ń sáré tẹ̀lé wọn, ó ń ya bí wọ́n ṣe ń fò àti bí wọ́n ṣe ń ṣubú. Eré lásán ni fídíò wọ̀nyẹn.

Nígbà tó yá, ó ríṣẹ́ kámẹ́rà nídìí fíìmù ní Chicago. Ìbéèrè kan wá ń jẹ ẹ́ lọ́kàn: kí ló lé gbogbo wa jáde nílé? Ilé-iṣẹ́ Kartemquin, àwọn tó ṣe Hoop Dreams ní 1994, ràn án lọ́wọ́. Ó dojú kámẹ́rà kọ ọ̀rẹ́ rẹ̀ méjì. Ọ̀kan sọ̀rọ̀ bàbá rẹ̀ olóògbé tó máa ń nà án. Ní ti èkejì, ìyá ọmọ rẹ̀ ní ó ń lu òun. Liu ò lè fara pamọ́ sẹ́yìn kámẹ́rà mọ́. Ó mú ìyá tirẹ̀ jókòó, ó bi í léèrè ohun tó ṣẹlẹ̀ nínú ilé wọn.

Fíìmù náà, Minding the Gap, gba ẹ̀bùn ní Sundance ní 2018. Ní 2019, ó wà lára márùn-ún tí wọ́n yàn fún Oscar. Ní 2021, òun àti Joshua Altman gbé All These Sons jáde, lórí ọ̀rọ̀ ìbọn ní Chicago.

Àwọn àgbà ní ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Òótọ́ ni, àmọ́ ilé náà la ti ń gbé ọgbẹ́ jáde. Oníròyìn ni mí. Mo ti bi ọ̀pọ̀ èèyàn ní ìbéèrè. Ṣùgbọ́n ẹnìkan wà ní kíláàsì wa tó máa ń fi yunifọ́ọ̀mù bo ojú ẹgba. Gbogbo wa la rí i. A ò bi í. Tí a bá pàdé, kí á tó ya fọ́tò, ẹ jẹ́ ká bi ara wa.