Òyìnbó tí Ifá tún bí ní Kétu, àti Àgùdà tí a pè ní òyìnbó

Ẹnikẹ́ni tí ó bá fẹ́ ka ìtàn Kétu àti ti Bàhíà pọ̀ ní èdè Faransé, kò ní pẹ́ tí yóò fi pàdé orúkọ Pierre Verger. Láàárín orúkọ méjèèjì yìí ni ọkùnrin náà fi orúkọ kẹta sí: Fátúmbí. Ifá tún mi bí ni ìtumọ̀ rẹ̀, Kétu ni wọ́n sì ti fún un. Òyìnbó ará Paris ni ẹni tí ń jẹ́ ẹ. Mo rọ ẹ̀yin ọmọ Kétu, ọmọ Ṣábẹ̀ẹ́ àti ọmọ Àjàṣẹ́, ní ilé àti ní ẹ̀yìn odi, kí ẹ bá mi yẹ orúkọ náà wò, nítorí pé ìbéèrè tí ó gbé dìde ti tún padà wá bá wa. Ní ọjọ́ kejì oṣù kẹsàn-án ọdún 2024, ìjọba Bẹ̀nẹ̀ ṣe òfin tí ó fún àtọmọdọ́mọ àwọn tí a kó lẹ́rú ní àǹfààní láti di ọmọ orílẹ̀-èdè wa. Nígbà tí irú wọn bá dé ẹnu odi wa, kí ni a óò fi mọ̀ pé tiwa ni wọ́n: àwọ̀ ara ni, ẹ̀jẹ̀ ni, àbí orúkọ?

Ọdún 1902 ni a bí Verger, sínú ìdílé olówó tí ó ní ilé ìtẹ̀wé. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún ni ó wà tí ó ti fi ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀. Nígbà tí ìyá rẹ̀ kú ní ọdún 1932, ó gbé ẹ̀rọ ayàwòrán Rolleiflex kan kọ́ èjìká, ó sì di arìnrìn-àjò. Ó rìn títí ó fi gúnlẹ̀ sí Salvador, olú-ìlú Bàhíà ní Bràsíìlì, ní oṣù kẹjọ ọdún 1946. Ibẹ̀ ni ó ti kọ́kọ́ gbọ́ orúkọ Kétu. Ẹ jẹ́ kí a fi èyí sọ́kàn: kì í ṣe láti Paris ni ọkùnrin yìí ti wá mọ̀ wá, láti ọ̀dọ̀ àwọn dúdú Bàhíà ni. Ìyálórìṣà ilé Opô Afonjá, Maria Bibiana do Espírito Santo, tí gbogbo ènìyàn ń pè ní Senhora, ni ó fi orí rẹ̀ fún Ṣàngó ní ọdún 1948, kí ó tó di pé Théodore Monod, olórí ilé ìwádìí IFAN ní Dakar, fún un ní owó ìrànwọ́ láti wá ṣe ìwádìí ní Dáhọ̀mì. Ìlẹ̀kẹ̀ pupa àti funfun tí a fi sí i lọ́rùn ní Bàhíà ni ó wọ̀ dé ọ̀dọ̀ wa.

Báwo ni Kétu ṣe dé Bàhíà tí òyìnbó fi ní láti lọ gbọ́ ọ níbẹ̀? Verger lo ọ̀pọ̀ ọdún nínú àwọn ìwé àkójọ ìjọba ní Bàhíà, Lisbon, Paris àti London láti dáhùn rẹ̀. Iṣẹ́ náà ni ó fi gba oyè ọ̀mọ̀wé ní Sorbonne ní ọdún 1966, òun tí kò ka ìwé mẹ́wàá jáde. Ọdún méjì lẹ́yìn náà ni ó tẹ̀ ẹ́ jáde ní ìwé ńlá tí a mọ̀ sí Flux et reflux. Ohun tí ó yà mí lẹ́nu jù nínú rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ tábà. Tábà tí ó dára jù ni Bàhíà ń kó ránṣẹ́ sí Lisbon. Èyí tí ó burú, oríṣi kẹta tí àwọn Potogí kò fẹ́, wọn a lọ́ ọ bí okùn, wọn a fi omi ìrèké tí a sè títí ó fi ki kùn ún lára, kí ó má baà gbẹ. Tábà tí àwọn ọ̀gá ilẹ̀ Potogí kọ̀ yìí gan-an ni àwọn ará etíkun wa fẹ́ràn. Àwọn ará Holland tí ó gba Elmina lọ́wọ́ Potogí gbà kí ọkọ̀ Bàhíà máa gbé e wá sí èbúté mẹ́rin péré: Grand-Popo, Ouidah, Jakin àti Apa. Nítorí èyí ni ọjà ẹrú Bàhíà ṣe dojú kọ etíkun tiwa nígbà tí àwọn apá yòókù ní Bràsíìlì ń ra ẹrú Àǹgólà. Ṣé ẹ rí i? Tábà tí ẹnìkan kò fẹ́ fà ní Lisbon wà lára ohun tí ó jẹ́ kí èdè Yorùbá di èdè òrìṣà ní Bàhíà títí di òní.

Verger fi hàn pé láti nǹkan bí ọdún 1770 títí di 1850 ni wọ́n kó àwọn ènìyàn apá ibí lọ jù. Ó yẹ kí a tẹnu mọ́ àwọn ọdún wọ̀nyí, nítorí mo ti gbọ́ ọ ní ìpàdé púpọ̀ pé nígbà tí Dáhọ̀mì tú Kétu ní ọdún 1886 ni a kó àwọn tí ó dá ẹ̀yà Kétu sílẹ̀ ní Bàhíà lọ. Kò lè rí bẹ́ẹ̀. Bràsíìlì ti fòfin de gbígbé ẹrú wọlé láti ọdún 1850, ọkọ̀ ẹrú kò sì ná ọ̀nà náà mọ́ nígbà tí odi wa wó. Àwọn tí a kó ní 1886, Abọ̀mẹ̀ ni ọ̀pọ̀ wọn bá ara wọn. Àwọn ará Bàhíà ti lọ ṣáájú, nínú ogun àti ìjínigbé kéékèèké tí ó ti ń dààmú àwọn abúlé wa láti ìgbà àwọn baba ńlá. Ìdílé kan wà ní Salvador, ti ilé òrìṣà Alákétu, tí wọ́n ń sọ pé ọmọbìnrin kan láti ilé ọba Aro ni ó dá ilé náà sílẹ̀, Otampê Ojarô ni wọ́n ń pè é. Nígbà tí Vivaldo da Costa Lima, olùkọ́ ará Bàhíà, wá sí Kétu, ó rí i pé Aro jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn ìdílé márùn-ún tí ń jọba lọ́dọ̀ wa. Orúkọ ilé ọba kan ti la òkun kọjá, ó sì la ìran púpọ̀ kọjá, ní ẹnu àwọn obìnrin tí kò kọ ìwé kankan.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950 ni Verger tẹ Ifá ní Kétu, tí ó sì di babaláwo. Orúkọ Fátúmbí tí a fún un kì í ṣe ẹ̀bùn àlejò lásán. Ẹni tí ó bá tẹfá ti gba èèwọ̀, ó ti gba iṣẹ́, ó sì ti di ọmọ fún olúwo rẹ̀. Verger náà fi iṣẹ́ dá a lóhùn. Ní ọdún 1952 ni ó gbé ìwé Aláàfin Ọ̀yọ́ lọ fún Senhora, èyí tí ó fi í joyè Ìyá Násọ̀. Ó ti tó ọgọ́rùn-ún ọdún tí Ìyá Násọ̀ kan ti wà lára àwọn tí ó fìdí ilé òrìṣà àtijọ́ múlẹ̀ ní Bàhíà, nítorí náà oyè tí ó ti là òkun kọjá ní ìgbèkùn ni a tún fi òǹtẹ̀ ààfin lù. Òyìnbó ni ìránṣẹ́ láàárín ọba dúdú àti ìyálórìṣà dúdú! Kò sí ẹni tí ó rí i ní ohun àjèjì.

Nísinsìnyí, ẹ jẹ́ kí a yíjú sí Àjàṣẹ́. Lẹ́yìn ọ̀tẹ̀ àwọn Mùsùlùmí ní Salvador ní oṣù kìíní ọdún 1835, ìjọba Bàhíà lé àwọn dúdú tí ó ti gba òmìnira, àwọn mìíràn sì fi ẹsẹ̀ ara wọn padà. Wọ́n dé sí Agoué, Ouidah, Àjàṣẹ́ àti Èkó. Púpọ̀ nínú wọn ni a bí ní ilẹ̀ wa, tí ilà ojú wọn ṣì wà níbẹ̀. Síbẹ̀, wọ́n wọ kóòtù, wọ́n jẹun lórí tábìlì, wọ́n kọ́ ilé alájà, wọ́n ń jẹ́ da Silva, Campos àti Paraíso, wọ́n sì ń ṣọdún Bonfim ní oṣù kìíní. Àwọn ará ilẹ̀ pè wọ́n ní Àgùdà. Ní èdè Gùn àti Fọ̀n, wọ́n tún pè wọ́n ní yovo, èyí tí í ṣe òyìnbó. Kì í ṣe Kristẹni nìkan ni gbogbo wọn. Ignacio Paraíso, tí ó jẹ́ olùdámọ̀ràn fún ọba Toffa, Mùsùlùmí ni, mọ́ṣáláṣí ńlá Àjàṣẹ́ tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí kọ́ ní 1912 sì dà bí ṣọ́ọ̀ṣì Bàhíà lójú ẹni tí ó bá kọ́kọ́ rí i.

Ẹ fi méjèèjì wé ara wọn. A pe ọmọ Yorùbá tí a jí gbé, tí ó sì padà wálé, ní òyìnbó. A pe òyìnbó tí ó tẹfá ní ọmọ. Ó dájú pé àwọn baba wa rí àwọ̀ ara, ṣùgbọ́n aṣọ, oúnjẹ, ilé àti ẹni tí ènìyàn ń wólẹ̀ fún ni wọ́n fi ń pín ènìyàn sí ilé àti sí ìta. Àwọn tí ó ń sọ pé ẹ̀jẹ̀ nìkan ni àṣà wa mọ̀, ìtàn Àgùdà kò gbè wọ́n lẹ́yìn.

Síbẹ̀ n kò fẹ́ kí a fi Verger ṣe òrìṣà. Ó rọrùn fún ará Faransé ní ọdún 1953 láti yan ìbí tuntun, nígbà tí asíá Faransé ń fẹ́ lókè ní gbogbo ibi tí ó ń lọ. Àwọn tí a tà sí Bàhíà náà ní ìbí tuntun tiwọn: àlùfáà da omi lé wọn lórí, ó pè wọ́n ní João tàbí Maria, kò sì bi wọ́n léèrè. Kì í ṣe irú kan náà ni ẹni tí ó wá orúkọ lọ àti ẹni tí a gba orúkọ lọ́wọ́ rẹ̀. Verger fúnra rẹ̀ kò purọ́ nípa ara rẹ̀. Títí ó fi kú ní Salvador ní oṣù kejì ọdún 1996, ó ń sọ pé làákàyè Faransé tí ó wà nínú òun kò jẹ́ kí òun lè gba òrìṣà gbọ́ bí àwọn tí ó yí òun ká ṣe gbà á. Mo bọ̀wọ̀ fún òtítọ́ yẹn, ṣùgbọ́n ó mú mi bèèrè ìbéèrè mìíràn. Ní ọdún 1995, ó tẹ ìwé Ewé jáde, nínú èyí tí ewé, egbòogi àti ọfọ̀ àwọn babaláwo wà fún ẹnikẹ́ni tí ó bá ní owó láti rà á. Ǹjẹ́ ọmọ tí a bí nínú ilé yóò ṣe bẹ́ẹ̀? Àwọn kan ní ó gba ìmọ̀ náà là kúrò lọ́wọ́ ìgbàgbé. Èmi rò pé òtítọ́ méjèèjì lè wà papọ̀.

Òfin 2024 béèrè pé kí ẹni tí ó ń bọ̀ pé ọmọ ọdún méjìdínlógún, kí ó má jẹ́ ọmọ orílẹ̀-èdè mìíràn ní Áfíríkà, kí ó sì fi ìwé, ẹ̀rí ẹnu tàbí àyẹ̀wò DNA hàn pé a kó baba ńlá òun lẹ́rú. Ìwé ọlọ́dún mẹ́ta ni yóò kọ́kọ́ gbà, ó sì gbọ́dọ̀ wá sí Bẹ̀nẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ó kéré tán kí ọdún mẹ́ta náà tó pé. Mo ṣiṣẹ́ ìjọba títí mo fi fẹ̀yìntì, mo sì mọ ohun tí irú ìwé bẹ́ẹ̀ lè ṣe àti ohun tí kò lè ṣe. Ìwé ni ó fa ààlà láàárín Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì ní ọdún 1889, tí ó sọ ará Ìmẹ̀kọ, tí ń foríbalẹ̀ fún Alákétu, di ará ilẹ̀ mìíràn. A kò torí rẹ̀ dẹ́kun láti máa pè wọ́n ní ọmọ ìyá wa. DNA lè sọ fún arábìnrin kan láti Salvador pé apá ibí ni ó ti ṣẹ̀ wá. Kò lè sọ fún un pé ọmọ Aro ni, kò sì lè kọ́ ọ ní oríkì tí wọn yóò fi kí i nígbà tí ó bá gba Àkàbà Ìdẹ́nà wọlé.

Iṣẹ́ yẹn, tiwa ni. Àwọn ìdílé márààrún tí ń jọba àti àwọn ilé ìjòyè ṣì ní àgbà tí ó mọ oríkì, tí ó sì mọ àwọn tí a ń dárúkọ pé ogun gbé lọ tí wọn kò padà. Àwọn àgbà wọ̀nyí ń dínkù lọ́dọọdún. Ẹ jẹ́ kí ẹgbẹ́ wa gba ohùn wọn sílẹ̀, ilé kan tẹ̀lé èkejì, kí a sì tọ́jú rẹ̀ sí ààfin, kí ẹni tí ó bá ti Bàhíà tàbí Cuba dé lè rí ibi tí yóò ti béèrè. Ilé tí ó bá ti ṣetán kí ó rán ẹnìkan wá bá àwọn akọ̀wé wa. Àwọn Aro ni yóò dára kí a fi bẹ̀rẹ̀, nítorí pé a ti mọ ẹni tí ó ń béèrè wọn.