Ìdágbére Ẹni tí Ó Fi Ipò Sílẹ̀: Èpè Tàbí Ẹ̀fẹ̀?

Ẹ̀yin olùkọ́ àti ẹ̀yin ọmọ ilé-ìwé tí ẹ ń ka ìwé yìí, ẹ ti rí i nígbà púpọ̀ pé bí ẹnìkan bá ń fi iṣẹ́ sílẹ̀, yálà a gbé e lọ sí ibòmíràn ni tàbí ó fẹ̀yìn tì, a máa ń pe àpèjọ, a máa ń jẹ, a máa ń mu, lẹ́yìn náà a ó ní kí ẹni tí ń lọ dìde kí ó sọ̀rọ̀. Ìṣẹ́jú díẹ̀ tí ó fi ń dúró yẹn ni a fẹ́ gbé yẹ̀ wò. Àwọn kan a máa ka gbogbo ẹ̀ṣẹ̀ tí a ti ṣẹ̀ wọ́n láti ọdún tí wọ́n ti dé; àwọn kan a máa sunkún; àwọn mìíràn a sì máa pa wá lẹ́rìn-ín tó bẹ́ẹ̀ tí a fi ń gbàgbé pé ní ọ̀la àga wọn yóò ṣófo. Irú kẹta yìí ni àwa fẹ́ràn jù, ṣùgbọ́n ìtàn fi hàn pé kì í ṣe gbogbo ipò ni ó fi àyè sílẹ̀ fún un. Ìlọrin ni a ó ti bẹ̀rẹ̀, nítorí ìdágbére kan wà ní ìpìlẹ̀ ìtàn ìlú náà tí kò ní ẹ̀rín nínú rárá.

Ní nǹkan bí ọdún 1796, Aólẹ̀ ni Aláàfin ní Ọ̀yọ́ Ilé, Àfọ̀njá tí ń gbé Ìlọrin sì ni Ààrẹ Ọ̀nà Kakaǹfò, olórí àwọn ológun. Àárín àwọn méjèèjì kò gún. Àlùfáà Samuel Johnson kọ ọ̀rọ̀ náà sínú ìwé ìtàn rẹ̀, èyí tí àbúrò rẹ̀, Dókítà Obadiah Johnson, ṣe àtúntò rẹ̀ lẹ́yìn tí òǹkọ̀wé náà ti kú, tí ó sì jáde ní 1921. Ó ní a rán Àfọ̀njá àti ogun rẹ̀ lọ sí Ìwéré-Ilé, ìlú ìyá Aláàfin Àjàgbó, tí a ti búra pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gbógun tì. Ète ààfin ni pé kí Kakaǹfò ṣubú níbẹ̀. Ṣùgbọ́n àwọn ọmọ-ogun yí padà, wọ́n wá dó ti Ọ̀yọ́, wọ́n sì fi igbá òfìfo kan tí a dé ránṣẹ́ sí ọba.

Ẹ jẹ́ kí a dúró díẹ̀ lórí igbá yìí. Kò sí ọ̀rọ̀ èébú kankan nínú iṣẹ́ tí a rán: igbá ni, ọmọrí rẹ̀ lórí, asán nínú. Àrokò ni, ìtumọ̀ rẹ̀ sì ni pé orí ọba ni a fẹ́ kí ó kún inú rẹ̀. A kò lè ṣàì rò pé ẹni tí ó kọ́kọ́ ronú irú àrokò bẹ́ẹ̀ jẹ́ ẹlẹ́fẹ̀ ènìyàn, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀fẹ̀ rẹ̀ burú. Òfin ilẹ̀ ni pé ọba tí a bá kọ̀ báyìí kò ní ọ̀nà mìíràn ju ikú lọ.

Aólẹ̀ jáde sí àgbàlá ààfin, ojú rẹ̀ le, ó mú àwo amọ̀ kan àti ọfà mẹ́ta lọ́wọ́. Ó ta ọfà kan sí àríwá, ọ̀kan sí gúúsù, ọ̀kan sí ìwọ̀-oòrùn. Ó sì gégùn-ún pé ọ̀nà ibi tí ọfà wọ̀nyí lọ ni a ó gbà kó àwọn ènìyàn náà lẹ́rú, àní títí dé òkè òkun, àti pé ẹrú yóò jọba lé olówó rẹ̀ lórí. Lẹ́yìn náà ó fọ́ àwo náà mọ́lẹ̀, nítorí a máa ń rán igbá tí ó bá fọ́, ṣùgbọ́n a kì í rán àwo. Ó jẹ májèlé, ó sì kú.

Ohun tí ó tẹ̀ lé e kì í ṣe àjèjì sí yín. Àfọ̀njá kọ̀ láti sin Ọ̀yọ́ mọ́. Ó fi ọ̀rẹ́ ṣe Àlímì, Fúlàní tí í ṣe àlùfáà Mùsùlùmí, ó sì kó àwọn ẹrú Haúsá tí ó sá fún olówó wọn jọ sínú ogun rẹ̀. Ní nǹkan bí ọdún 1824 àwọn ọmọ-ogun náà pa á, ìdílé Àlímì sì gba Ìlọrin títí di òní. Ní 1821 ni a kó Àjàyí, tí a wá mọ̀ sí Bíṣọ́ọ̀bù Crowther, lẹ́rú ní Òṣoogùn. Àwọn kan rò pé èpè Aólẹ̀ ni ó ń ṣẹ. Ní ti àwa, a rò pé ogun, ìwọra àti òwò ẹrú tó láti ṣe irú iṣẹ́ yẹn láìsí ọfà mẹ́ta. Ohun tí ó ká wa lára jù ni ipò tí Aólẹ̀ wà ní ọjọ́ náà. Ọba kì í fẹ̀yìn tì. Ẹni tí a bá sọ fún pé iṣẹ́ rẹ̀ tán, tí ìyẹn sì túmọ̀ sí pé ẹ̀mí rẹ̀ tán, níbo ni yóò ti rí ẹ̀rín?

Ìlọrin tún rí irú rẹ̀ ní 1895. Ẹ́míà Mọ́mọ̀ ń fẹ́ kí àlàáfíà wà láàárín òun àti ìjọba Èkó, ṣùgbọ́n àwọn Balógun tí agbára ogun wà lọ́wọ́ wọn kò fẹ́ bẹ́ẹ̀. Wọ́n dó ti ààfin rẹ̀. Nígbà tí ó rí i pé kò sí ọ̀nà mọ́, ó fi iná sí ẹ̀tù ìbọn, ó sì kú nínú ilé rẹ̀. Òun kò tilẹ̀ dágbére.

Nísinsìnyí, kí a wo òkè òkun, níbi tí a ti rí ẹni tí ó fi ipò ńlá sílẹ̀ tí orí rẹ̀ sì ṣì wà lọ́rùn rẹ̀, ó kéré tán fún ìgbà díẹ̀. Láti 1529 ni Thomas More ti jẹ́ Olórí Adájọ́ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lábẹ́ Ọba Henry Kẹjọ. Ọba fẹ́ kọ ayaba sílẹ̀, ó sì fẹ́ gba agbára lọ́wọ́ ìjọ; ẹ̀rí-ọkàn More kò jẹ́ kí ó fi ọwọ́ sí i, ó sì fi ipò rẹ̀ sílẹ̀ ní oṣù Karùn-ún 1532. Ìdágbére rẹ̀ ni ọkọ ọmọ rẹ̀, William Roper, kọ sílẹ̀ fún wa. Nígbà tí More wà ní ipò, bí ìsìn bá parí, ọ̀kan nínú àwọn ìránṣẹ́ rẹ̀ a máa lọ sí ibi tí ìyàwó rẹ̀ jókòó sí láti sọ fún un pé Olúwa àwọn ti jáde. Ní ọjọ́ ìsinmi tí ó tẹ̀ lé ìfipòsílẹ̀ náà, More fúnra rẹ̀ ni ó lọ síbẹ̀, ó ṣí fìlà, ó tẹrí ba, ó sì jíṣẹ́ fún ìyàwó rẹ̀ pé Olúwa rẹ̀ ti lọ. Obìnrin náà rò pé eré lásán ni, àfi ìgbà tí ó là á yé e pé ipò Olúwa ni ó ti lọ ní tòótọ́.

Kò rẹ́rìn-ín, àwa kò sì dá a lẹ́bi. Owó tí ń wọlé ti dínkù, ilé sì kún fún ọmọ, ọkọ ọmọ àti ọmọ-ọmọ. More kó wọn jọ. Ó ní òun ti jẹ oúnjẹ akẹ́kọ̀ọ́ ní Oxford, òun ti jẹ ti ilé ìkọ́ òfin, òun ti jẹ ti ààfin. Nítorí náà kí wọ́n má ṣe já wálẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, kí wọ́n máa sọ̀ kalẹ̀ díẹ̀díẹ̀ títí wọn yóò fi dé ti Oxford. Bí ìyẹn náà bá sì ju agbára wọn lọ, kí gbogbo wọn gbé àpò kọ́ èjìká, kí wọ́n máa kọrin ìsìn láti ẹnu ọ̀nà dé ẹnu ọ̀nà, kí wọ́n máa tọrọ báárà pẹ̀lú inú dídùn. Ọkọ̀ ojú omi rẹ̀ àti àwọn atukọ̀ mẹ́jọ tí ń tù ú, ó fi wọ́n fún Audley tí ó gba ipò náà lẹ́yìn rẹ̀. Ní 6 oṣù Keje 1535 ọba bẹ́ ẹ lórí, nítorí kò fẹ́ búra. Bí ó ti ń gun àtẹ̀gùn ibi tí a ó ti pa á, tí igi náà ń mì, ó bẹ olórí ẹ̀ṣọ́ pé kí ó ràn òun lọ́wọ́ láti gòkè láìléwu. Ní ti sísọ̀ kalẹ̀, kí ó fi ìyẹn sílẹ̀ fún òun. Ẹ̀yin kíyè sí i: ara òun tìkára rẹ̀ ni ó fi ń ṣe ẹ̀fẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kì í ṣe Audley, kì í sì í ṣe ọba.

Kò pọn dandan kí ẹlẹ́fẹ̀ jẹ́ ẹni rere. Diocletian, ọba Róòmù tí ó ṣe inúnibíni sí àwọn Krìstẹ́nì láti 303, fi ìtẹ́ sílẹ̀ fúnra rẹ̀ ní 305, ó sì lọ ń ṣe ọgbà ní etí òkun Dalmatia. Nígbà tí wọ́n bẹ̀ ẹ́ pé kí ó padà wá, ìdáhùn rẹ̀ ni pé bí wọ́n bá rí àwọn kábéèjì tí òun fi ọwọ́ ara òun gbìn, wọn kì bá dábàá irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀.

Ní ilẹ̀ Áfíríkà tiwa, Nelson Mandela ṣe ìjọba Gúúsù Áfíríkà fún sáà kan péré, láti 1994 dé 1999. Lẹ́yìn ìyẹn, iṣẹ́ kò jẹ́ kí ó sinmi, títí di oṣù Kẹfà 2004, nígbà tí ó kù díẹ̀ kí ó pé ẹni ọdún 86. Ó wá sọ ní Johannesburg pé òun ń fẹ̀yìn tì kúrò nínú ìfẹ̀yìntì, ó sì bẹ gbogbo ènìyàn pé kí wọ́n má pe òun mọ́, òun ni yóò máa pè wọ́n. Ẹnikẹ́ni tí ó ti wá iṣẹ́ kiri rí mọ ẹni tí ó ni ọ̀rọ̀ yẹn: ọ̀gá tí kò fẹ́ gbani ni ó máa ń sọ ọ́ fún ẹni tí ń wáṣẹ́. Arúgbó náà gba á lẹ́nu wọn, ó fi lé gbogbo ayé kúrò ní ẹnu ọ̀nà rẹ̀, kò sì sí ẹni tí ó bínú.

Láti 1967 tí Ìlọrin ti di olú ìlú ìpínlẹ̀, àwọn akọ̀wé àti olùkọ́ tí kò lóǹkà ni ó ti fi iṣẹ́ sílẹ̀ níbẹ̀, kò sì sí igbá òfìfo tí a gbé fún wọn. Ìlànà iṣẹ́ ìjọba ni ẹni ọdún 60, tàbí ọdún 35 lẹ́nu iṣẹ́. Òfin tí ìjọba àpapọ̀ ṣe ní 2022 sì sún ti àwọn olùkọ́ dé 65 tàbí 40. Ọjọ́ tí ènìyàn yóò lọ ti wà nínú ìwé láti ọjọ́ tí ó dé. Ìdí nìyí tí olùkọ́ àgbà kan fi lè dìde lónìí kí ó sọ pé láti ọ̀la lọ òun yóò máa pe orúkọ àwọn adìyẹ òun láràárọ̀, kí òun lè mọ èyí tí ó pa ilé-ìwé jẹ, kí gbogbo ìjókòó sì hó fún ẹ̀rín. Ṣùgbọ́n bí ó bá ti mọ̀ pé owó ìfẹ̀yìntì òun yóò pẹ́ kí ó tó jáde, pé òun yóò máa wọ ọkọ̀ láti Òmù-Àrán tàbí Pàtígi wá sí Ìlọrin, kí òun wá máa béèrè ibi tí fáìlì òun dé, ẹ fetí sílẹ̀ dáadáa sí ẹ̀rín rẹ̀ ní ọjọ́ àpèjọ náà.