Kọ́kọ́rọ́ Ọ̀fẹ́ àti Ẹni Tó Fi Lé Wa Lọ́wọ́

Gbé laptop lọ fún ẹni tó ń tún un ṣe l'Ajah, lójú ọ̀nà Addo tàbí Badore, kó tó gbé e padà fún ẹ, ó lè bi ẹ́ pé: "Ṣé kí n bá yín activate ẹ̀?" Àwa tá à ń kọ sọ́fítíwíà jẹun lónìí náà ti dáhùn "bẹ́ẹ̀ ni" rí, nígbà tá a wà ní yunifásítì tówó ò sí.

Ọ̀rọ̀ yìí ti pẹ́. Lọ́dún 1976 ni Bill Gates ti kọ lẹ́tà síta pé wọ́n ń da ètò BASIC òun kọ láìsanwó. Nígbà tí Windows 95 dé, nọ́ńbà kan péré ló ń béèrè. Ẹ̀yin ẹ kọ nọ́ńbà náà sára CD, ó tán. Ọdún 2001 ni Windows XP wá ní kí kọ̀ǹpútà lọ gba àṣẹ lọ́dọ̀ Microsoft fúnra rẹ̀. Láti ìgbà Windows Vista ni wọ́n ti gbé KMS kalẹ̀ fún àwọn iléeṣẹ́: kọ̀ǹpútà ọ̀gá kan á máa fọwọ́ sí ti àwọn yòókù, àṣẹ náà á sì lo ọjọ́ 180. Kọ̀ǹpútà ọ̀gá yẹn ni KMSPico ń ṣe bí ẹni pé òun jẹ́.

Ibí ni nǹkan ti yí. Láyé CD, ẹni tó ni ọjà la rẹ́ jẹ. Activator ní tiẹ̀ á ní kẹ́ ẹ pa antivirus, kẹ́ ẹ sì fún òun láṣẹ lórí gbogbo ẹ̀rọ. Ta ló máa lé máígádì estate rẹ̀ lọ, kó wá ṣí géètì fún ẹni tí kò mọ̀ rí? Ní December 2021, iléeṣẹ́ Red Canary kéde pé KMSPico ayédèrú kan ń gbé Cryptbot wọlé, èyí tó ń jí password àti owó crypto. Ayédèrú inú ayédèrú! Bẹ́ẹ̀, laptop tá a fi ń ṣiṣẹ́ oníbàárà náà la fi ń wọ báńkì.

A mọ̀ pé ojúlówó wọ́n. Àmọ́ Windows tí a ò activate ṣì ń ṣiṣẹ́, bó tilẹ̀ ń fi ọ̀rọ̀ sí igun ojú ẹ̀rọ. Ọ̀fẹ́ ni LibreOffice, ọ̀fẹ́ ni Ubuntu. Tẹ́ ẹ bá ti lo activator, ẹ fi ẹ̀rọ mìíràn pààrọ̀ password yín, kẹ́ ẹ nu laptop náà mọ́, kẹ́ ẹ tún Windows rẹ̀ fi sí i látìbẹ̀rẹ̀.

Bí ògiri ò bá lanu, aláǹgbá ò lè ráyè wọ ibẹ̀. Ẹ má fọwọ́ ara yín la ògiri.